Paramọ́lẹ̀ orí òkè Drakensberg
Ẹ̀yin èèyàn mi, ojú mi rí nǹkan lórí òkè Drakensberg ní Gúúsù Áfíríkà lónìí! Bí mo ṣe ní kí n jókòó sórí àpáta kan ni bọ̀dá tó ń mú wa gòkè figbe ta. Paramọ́lẹ̀ ló ká jọ sínú koríko, tó ń mí fùùù, àmì dúdú onígun mẹ́ta tò sí ẹ̀yìn rẹ̀. Berg adder ni wọ́n ń pè é. Agbára káká ló fi tó ìdajì mítà, àmọ́ oró rẹ̀ máa ń mú ìpéǹpéjú wálẹ̀, èèyàn lè má gbóòórùn mọ́. Abẹ́rẹ́ tí wọ́n fi ń pa oró ejò níbí kì í sì í ran tiẹ̀! Ìdúró ni mo fi jẹ búrẹ́dì mi o.