Ìwé báńkì àǹtí mi
Lánàá, ní ìsọ̀ àǹtí mi ní Ọjà Ọba, Òṣogbo níbí, wọ́n fa ìwé báńkì kan yọ lábẹ́ àpótí àdìrẹ. Ilé ìfowópamọ́ náà ti kógbá sílé tipẹ́, òógùn ojú wọn sì bá a lọ. Wọ́n ní, "Ọmọ mi, ṣé kò sẹ́ni tó ń ṣọ́ wọn ni?"

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí wọra. Mo bá sọ ìtàn William Black fún wọn, agbẹjọ́rò tí ìjọba Amẹ́ríkà fi ṣọ́ àwọn ilé ìfowópamọ́ nígbà kan. Ní oṣù kẹrin ọdún 1987, sẹ́nétọ̀ márùn-ún pe òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ jọ nítorí Charles Keating tó ni ilé ìfowópamọ́ Lincoln Savings, pé kí wọ́n rọra ṣe. Black ò bá wọn jà. Ó ń kọ ohun tí kálukú ń sọ sílẹ̀ ni. Ẹ gbọ́, bírò lásán ló wà lọ́wọ́ ọkùnrin yìí o!

Ọdún 1989 ni Lincoln wó. Nínú báńkì yẹn ni wọ́n ti ta ìwé ẹ̀yáwó ilé-iṣẹ́ Keating, ìyẹn ìwé tí ilé-iṣẹ́ náà fi ń yá owó lọ́wọ́ aráàlú, fún nǹkan bí 23,000 ènìyàn, ọ̀pọ̀ wọn arúgbó. Ìjọba ò sì ṣe onídùúró fún owó náà. Keating ṣẹ̀wọ̀n.

Àǹtí mi ní, "Àwọn arúgbó yẹn ńkọ́?"

Mo ní wọ́n pẹjọ́, wọ́n sì rí lára owó wọn gbà.

Wọ́n rọra fi etí ìró nu ìwé náà, wọ́n dá a padà sábẹ́ àdìrẹ.