Ṣé àwọn onílù ò tíì dé ni?

Inú páálí àwo Jim Reeves, olórin kọ́ńtírì ará Amẹ́ríkà, ni mo ti bá àwo Willie Nelson kan. Bàbá mi, Ọlọ́run á fọ̀run kẹ́ wọn, kì í dá àwo padà sí páálí tó ni ín. Mo ń tún chéńjà, ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń gbọ́ àwo, ṣe láti ọjọ́ kejì Iléyá, torí rọ́bà tó ń yí i ti gbó. Nígbà tó wá yí, mo ní kí n fi Jim Reeves dán an wò, torí orin Sọ́ńdè ilé wa nìyẹn l'Ìjẹ̀bú-Òde níbí. Bí ẹnikẹ́ni bá bi Bàbá léèrè ohun tí wọ́n ń fi orin òyìnbó ẹlẹ́ṣin ṣe, wọ́n á ní kí onítọ̀hún lọ gbọ́ gìtá onírin tí Demola Adepoju ń ta lẹ́yìn King Sunny Adé, kó wá sọ ibi tí òyìnbó ti mú irú ẹ̀ jáde.

Ohùn tó jáde kì í ṣe ti Jim Reeves. Ọkùnrin kan ló ń gba imú kọrin, gìtá kan ń tẹ̀ lé e jẹ́jẹ́. Mo ka àárín àwo náà: Red Headed Stranger, Willie Nelson, 1975.

Màámi wà níwájú ilé, wọ́n ń jọ gàrí tí wọ́n fẹ́ gbé lọ sí Òkè-Ajé. Wọ́n gbọ́ orin kan, wọ́n gbọ́ èkejì, wọ́n bá pariwo sí mi pé, "Ṣé àwọn onílù ò tíì dé ni?"

Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Ohun tó ṣe àwọn ọ̀gá Columbia, ilé iṣẹ́ tó gbé àwo náà jáde, nìyẹn gan-an. Wọ́n rò pé àpẹẹrẹ lásán ni Willie gbé wá, pé ojúlówó iṣẹ́ ṣì ń bọ̀ lẹ́yìn. Onílù sì wà níbẹ̀ o! Paul English ni, ó kàn ń lù ú bí ẹni tí kò fẹ́ jí ọmọ tó sùn. Bobbie, ẹ̀gbọ́n Willie obìnrin, ló ń tẹ pianó, Mickey Raphael ń fọn hàmóníkà.

Ìlú Garland ní Texas ni wọ́n ti gba orin náà sílẹ̀, owó tí wọ́n ná sí i ò ju bíi 4,000 dọ́là lọ. Ibẹ̀ ni mo ti gba ti ọkùnrin yìí. Wọ́n á ní ahun ni àwa Ìjẹ̀bú, ẹ wá wo ẹni tó ná 4,000 tí àwo rẹ̀ tà ju mílíọ̀nù kan lọ.

"Arúfin" ni wọ́n ń pe Willie àti Waylon Jennings, olórin ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe olè jíjà ni wọ́n ń wí. Ní Nashville, ìlú tí wọ́n ti ń ṣe orin kọ́ńtírì jù, láyé ìgbà náà, ọ̀gá ilé iṣẹ́ ló ń yan orin fún olórin, òun náà ló ń yan ẹni tó máa ta gìtá. Òfin yẹn ni wọ́n rú. Willie ló ni orin Crazy tí akọrin obìnrin Patsy Cline fi ṣàwo ní 1961, àmọ́ bí òun fúnra rẹ̀ bá kọrin, kì í fi bẹ́ẹ̀ tà. Ilé rẹ̀ jóná, ó kó padà sí Texas. Nígbà tó máa tọwọ́ bọ̀wé pẹ̀lú Columbia, ó rí i dájú pé ohun tí òun bá fẹ́ ni wọ́n máa gbé jáde. Blue Eyes Crying in the Rain, orin àtijọ́ tí Fred Rose kọ, tó wà nínú àwo yìí, ló gbé e dé ipò kìíní lórí àtẹ orin kọ́ńtírì.

Ní 1976, RCA, ilé iṣẹ́ àwo mìíràn, kó orin Willie, Waylon, Jessi Colter àti Tompall Glaser pọ̀, wọ́n pè é ní Wanted! The Outlaws. Àwo kọ́ńtírì àkọ́kọ́ tó gba àmì pilatínọ́ọ̀mù (ti àwo tó tà tó mílíọ̀nù kan) l'Amẹ́ríkà nìyẹn. Púpọ̀ nínú rẹ̀ ló ti jáde tẹ́lẹ̀. Ọbẹ̀ àná tí wọ́n gbé kaná ni, ó dùn, ṣùgbọ́n ti Garland ni tèmi.

Màámi ò gbọ́ gẹ̀ẹ́sì tó ń gba imú jáde, mo bá ń túmọ̀ ìtàn inú rẹ̀ fún wọn. Oníwàásù kan ni ìyàwó rẹ̀ bá ọkùnrin mìíràn lọ. Ó wá wọn kàn, ó pa àwọn méjèèjì, ó wá ń gun ẹṣin kiri láti ìlú dé ìlú. Ègbè kan náà ń padà wá ṣáá. "Àlọ́ ni," ni Màámi wí. Wọn ò jìnnà sí òótọ́, torí Willie ti ń fi orin tó sọ àwo yẹn lórúkọ rẹ àwọn ọmọ rẹ̀ sùn tipẹ́.

Nígbà tá a dé ibi tó ti yìnbọn pa obìnrin tó fọwọ́ kan ẹṣin ìyàwó rẹ̀, tí wọn ò sì fi í ṣe nǹkan kan, kọ̀ǹkọ̀sọ̀ dúró.

"Nítorí ẹṣin?"

Mi ò rí ìdáhùn. Èmi náà ti fọwọ́ kan ẹṣin ìdílé Balógun kan rí l'Ójúde Ọba, nígbà tí mo wà lọ́mọ ọdún 9. Pàṣán ẹni tó ń fà á ni mo fi mọ̀ pé kì í ṣe ewúrẹ́. Ṣùgbọ́n pàṣán ni, kì í ṣe ìbọn.

Lọ́jọ́ kẹta, mo yà ní ìsọ̀ wọn l'Òkè-Ajé. Wọ́n ń fi kọ́ńgò wọn gàrí fún oníbàárà, wọ́n ń fi imú kùn orin kan lábẹ́lẹ̀. Ègbè oníwàásù ni. Mo dúró sẹ́yìn, mi ò fọhùn, àfìgbà tí wọ́n gbójú sókè tí wọ́n rí mi.

"Àwọn onílù yẹn ńkọ́? Wọn ò padà wá?"