Ipa kékeré kọ́ ni ìfiṣòfò: ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ lára Brigitte Mira

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀ nídìí iṣẹ́ eré, ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́ nínú mi. Ní ọdún kẹta tí mo bẹ̀rẹ̀, wọ́n ní kí n ṣe obìnrin tó ń gbálẹ̀ ní ọ́fíìsì. Ìran méjì péré, gbólóhùn kan ṣoṣo. Inú bí mi. Wákàpáàsì ni mo kà á sí, mi ò tilẹ̀ ronú bí ẹni tó ti fi ogún ọdún gbálẹ̀ ṣe máa ń di ìgbálẹ̀ mú. Nígbà tí eré náà jáde tí mo rí ara mi, ńṣe ni mo kàn dúró síbẹ̀ bí àga.

Olùkọ́ mi kan ló fi fíìmù Jámánì kan hàn wá lẹ́yìn ìgbà náà, Angst essen Seele auf, tí Rainer Werner Fassbinder darí, tó jáde ní 1974. Òṣèré Jámánì tó ń jẹ́ Brigitte Mira ló ṣe Emmi níbẹ̀, opó kan tó ń gbálẹ̀ jẹun nílùú Munich, tó lọ fẹ́ òṣìṣẹ́ ọmọ Mòrókò tí ó tó bí lọ́mọ. Òjò ló lé e wọ ilé ọtí tí àwọn àjèjì ti ń gbọ́ orin ìlú wọn. Ó jókòó sídìí tábìlì ẹ̀bá ilẹ̀kùn, ó ní kí wọ́n fún òun ní kóòkì. Kò tíì sọ̀rọ̀ púpọ̀ tí ẹ ó ti mọ̀ pé obìnrin yìí kì í lọ síbi tí wọn kò pè é sí.

Ẹni ọdún 63 ni Mira nígbà tí wọ́n ya fíìmù yẹn, Fassbinder sì jẹ́ 28. Nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì péré ni wọ́n fi yà á. Kò sáyè láti wá kọ́ṣẹ́ níwájú kámẹ́rà. Ohun tó ti wà lọ́wọ́ rẹ̀ ló gbé wá.

Níbo ló ti kó o jọ? Hamburg ni wọ́n ti bí i ní 1910, Júù tó ń tẹ dùùrù ni bàbá rẹ̀. Ó kọrin nínú eré olórin, ó dẹ́rìn-ín pa àwọn èèyàn ní kábárẹ́ẹ̀tì, ilé ìgbafẹ́ tí wọ́n ti ń kọrin tí wọ́n sì ń ṣàwàdà. Nígbà ogun Hitler, ó ṣe Miese, obìnrin aláìgbọràn inú àwọn fíìmù kúkúrú tí ìjọba fi ń kìlọ̀ fáwọn ará ìlú, bẹ́ẹ̀ ó ń fi ìran bàbá rẹ̀ pa mọ́ fún ìjọba kan náà. Ara mi máa ń bù máṣọ nígbàkígbà tí mo bá rántí èyí. Mi ò ní gbà yín nímọ̀ràn láti gba irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ láéláé, àmọ́ mi ò sì ní dá a lẹ́jọ́.

Ní 1973, ó kó ipa kékeré nínú fíìmù Zärtlichkeit der Wölfe. Ulli Lommel ló darí rẹ̀, ṣùgbọ́n Fassbinder ló gbé e jáde, òun náà sì ṣeré níbẹ̀. Lọ́dún kan náà ló gbé Emmi lé e lọ́wọ́, Emmi sì gba ẹ̀bùn fíìmù Jámánì fún un.

Bó bá jẹ́ èmi ni, ó ṣeé ṣe kí n sọ pé mi ò tún ṣe ipa kékeré mọ́. Ṣùgbọ́n Mira ṣe onílé nínú Berlin Alexanderplatz, eré tẹlifíṣọ̀n tí Fassbinder darí. Láti 1977, ó ju ọdún mẹ́wàá lọ tó fi ṣe ìyá àgbà nínú eré tẹlifíṣọ̀n Drei Damen vom Grill, nípa ìdílé tó ń ta sọ́séèjì lójú pópó Berlin. Ó kú ní 2005, lẹ́ni ọdún 94.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wá ìran orí àtẹ̀gùn nínú fíìmù Emmi. Àwọn agbálẹ̀ ẹgbẹ́ rẹ̀ ń jẹun ọ̀sán, wọ́n yẹra fún un nítorí ọkọ rẹ̀, òun nìkan ló jókòó sísàlẹ̀, a ń wò ó láàárín irin àtẹ̀gùn. Nígbà tó yá, òṣìṣẹ́ tuntun kan dé láti ilẹ̀ òkèèrè, Emmi sì bá wọn yẹra fún tọ̀hún. Mira kò sọ ọ́ di ìkà rárá. Obìnrin pẹ̀lẹ́ àná náà ni. Ẹ wò ó lẹ́ẹ̀kan, kí ẹ wá pa ohùn rẹ̀ kí ẹ tún un wò.

Lóṣù tó kọjá, wọ́n ní kí n ṣe ìyá tó ń ta tíkẹ́ẹ̀tì ní gáréèjì. Gbólóhùn mẹ́ta ni. Odindi ọ̀sẹ̀ kan ni mo fi jókòó ti àwọn tó ń ṣe é, tí mo ń wo bí wọ́n ṣe ń ka ṣéńjì láì wo ọwọ́.