Ohùn Mi Ya Lójú Màmá Mi: Ẹ̀kọ́ Tí Mo Rí Kọ́ Lára Lilli Lehmann

Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà rèé tí ohùn mi ya lórí pèpéle, inú ṣì ń bí mi. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń kọ́ orin ọ́pẹ́rà bíi tèmi, pàápàá ẹ̀yin soprano (ohùn obìnrin tó ga jù) tí wọ́n máa ń sọ fún pé ohùn yín tóbi, ẹ ka èyí kẹ́ ẹ tó gba ìwé orin kankan lọ́wọ́ olùkọ́.

Berlin ni mo ń gbé, ṣùgbọ́n kúáyà ṣọ́ọ̀ṣì n'Íbàdàn ni mo ti bẹ̀rẹ̀. Sólò Kérésìmesì ni wọ́n fi mọ̀ mí níbẹ̀. Nígbà tí mo débí, olùkọ́ kan (n kò ní dárúkọ rẹ̀, ó ṣe mí lóore rí) gbọ́ mi lẹ́ẹ̀kan péré, ó ní orin Wagner, ará Jámánì tó kọ àwọn ọ́pẹ́rà tó ń fẹ́ ohùn ńlá, ni wọ́n dá ohùn mi fún. Ló bá gbé igbe Brünnhilde, ọmọbìnrin ajagun, lé mi lọ́wọ́, "Hojotoho" inú Die Walküre, ọ̀kan nínú ọ́pẹ́rà Wagner. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mí. Ṣé mi ò mọ̀ pé ó ti pọ̀ jù ni? Mo mọ̀. Gbogbo ìgbà tí mo bá fi dánra wò ni ọ̀fun máa ń ta mí. Mo ń jẹ orógbó, mo ń lá oyin, mo ń bá a lọ. Ta ni kì í wù kí wọ́n pe òun ní Brünnhilde?

Alẹ́ ọjọ́ tí ohùn mi ya náà, ọ̀rẹ́ mi gbé fóònù sókè ní ìlà kejì, Màmá mi àtàwọn àbúrò mi ń wò mí lórí WhatsApp láti ilé. Igbe yẹn kì í rọra gòkè, fífò ló ń fò, títí dé B òkè, títí dé C, àwọn ohùn tó wà lókè pátápátá. Àkọ́kọ́ jáde dáadáa. Ní ìkejì, mo gbọ́ tí nǹkan ń fín nídìí ohùn mi bí iyanrìn. Nígbà tí mo dé B lẹ́yìn ìyẹn, ohùn mi ya bí ìgbà téèyàn bá fa aṣọ ògbólógbòó. Mo tún ya ẹnu, èémí lásán ló jáde. Ẹni tó ń tẹ dùùrù ń bá tirẹ̀ lọ díẹ̀, ó wá ń falẹ̀, bí ẹni tó ń dúró de èèyàn tí nǹkan já bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ lójú ọ̀nà. Nígbà tó yá, òun náà dákẹ́. Gbọ̀ngàn pa lọ́lọ́. Àfi ohùn Màmá mi tó ta sókè láti inú fóònù: "Ṣé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ni? Ẹ gbọ́, ṣé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ló gé ni?"

Kò sẹ́ni tó gbọ́ Yorùbá níbẹ̀ ju èmi àti ọ̀rẹ́ mi lọ. Kò mọ̀ bóyá kó pa fóònù ni tàbí kó gbé e sílẹ̀. Èmi náà ò mọ̀ bóyá kí n tẹrí ba fún àwọn èèyàn ni tàbí kí n máa sá lọ. Títí di òní, tí fóònù bá ti dún, ọkàn mi á já.

Dókítà fi kámẹ́rà kékeré wo ọ̀fun mi, ó ní ó wú ni, kò tíì dégbò. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta láìsọ̀rọ̀, àní kí n má sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́ pàápàá. Mo pa á mọ́, ó san.

Inú ọ̀sẹ̀ mẹ́ta yẹn ni mo ti tẹ́tí sí Lilli Lehmann, soprano ọ́pẹ́rà ará Jámánì. Würzburg ni wọ́n ti bí i ní 1848. Olórin ni ìyá rẹ̀, òun ló sì kọ́ ọ. Ní Prague, 1865, ló ti kọ́kọ́ gorí pèpéle ọ́pẹ́rà, kò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún. Orin fífúyẹ́ ló fi bẹ̀rẹ̀, ọ̀pọ̀ ọdún ló sì lò nídìí rẹ̀. Ó ti pé ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógójì kó tó di Brünnhilde ní ilé ọ́pẹ́rà Metropolitan ní New York, 1885. Ẹni tó mọ̀wé á ní ṣebí ó ti kọrin Helmwige, ọ̀kan nínú àwọn Valkyrie (àwọn ọmọbìnrin ajagun ẹgbẹ́ Brünnhilde), níbi àjọ̀dún orin Wagner ní Bayreuth ní 1876. Bẹ́ẹ̀ ni, ṣùgbọ́n Valkyrie mẹ́jọ ló jọ ń ké níbẹ̀, kò dá ẹrù náà gbé!

Òun náà ló sọ pé Norma kan ṣoṣo, ipa obìnrin inú ọ́pẹ́rà Bellini, nira ju Brünnhilde mẹ́tẹ̀ẹ̀ta inú àwọn ọ́pẹ́rà Wagner lọ. Nígbà tí wọ́n gba ohùn rẹ̀ sínú àwo ní 1906 àti 1907, ó ti ń súnmọ́ ọgọ́ta ọdún, síbẹ̀ ohùn náà ṣì ń yí bí omi. Ibi tí mo ti bú sẹ́kún nìyẹn.

Ẹ̀kọ́ mìíràn wà. Ó pẹ́ ní Amẹ́ríkà ju àyè tí ilé ọ́pẹ́rà Berlin, níbi tó ti ń ṣiṣẹ́, fún un lọ, ni àwọn ilé ọ́pẹ́rà Jámánì bá ti ìlẹ̀kùn mọ́ ọn títí Kaiser, ọba Jámánì, fi dá sí i. Ẹ máa ka ìwé àdéhùn yín. Ìyẹn ò kàn mí báyìí, ta ló fẹ́ bá mi ṣàdéhùn?

Èyí tó kàn mí ni dídúró. Ẹ dúró. Àwọn kan á ní ọ̀lẹ ni mí, wọn ò sí nínú ọ̀fun mi. Lehmann, tí Olive Fremstad àti Geraldine Farrar, àwọn olórin ọ́pẹ́rà tó lókìkí, kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀, kò fi igbe bẹ̀rẹ̀. Dò, re, mí tí à ń gùn jẹ́jẹ́ bí àkàbà ló tẹnu mọ́ nínú ìwé tó kọ ní 1902, ó sì ń ṣe é fúnra rẹ̀. Mo padà sórí rẹ̀. Mo ti pààrọ̀ olùkọ́ pẹ̀lú. Ṣùgbọ́n kò yẹ kó jẹ́ olùkọ́ tuntun ló máa sọ fún mi pé kí n dúró, ọ̀fun mi ti sọ ọ́.

Lánàá, Màmá mi bi mí pé ìgbà wo ni n óò tún kọ orin tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì gé yẹn. Mo ní ó ku ọdún mọ́kànlá. Ó dákẹ́ títí, ó wá ní: "Ṣé ọkọ náà á dúró ọdún mọ́kànlá ni?"