Òkè Fako: Láti Etí Òkun dé 4,040 Mítà

Bí àwọn èèyàn bá ń sọ̀rọ̀ òkè gíga nílẹ̀ Áfíríkà, Kilimanjaro ló máa ń kọ́kọ́ bọ́ sí wọn lẹ́nu, bẹ́ẹ̀ òkè tó ga jù lọ ní gbogbo ìhà ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà kò jìnnà sí wa rárá. Ẹ̀yìn Calabar ló wà, ní Kamẹrúùnù, létí òkun. Fako ni wọ́n ń pe ṣóńṣó rẹ̀, ó sì ga tó 4,040 mítà. Mo gùn ún nínú oṣù Kejìlá ọdún 2014, ohun tí kò sì kúrò lọ́kàn mi láti ìgbà náà ni ọ̀rọ̀ omi.

Lẹ́sẹ̀ òkè náà, níwájú òkun gan-an, abúlé kan wà tí ń jẹ́ Debundscha. Òjò tó ń rọ̀ níbẹ̀ lọ́dún máa ń ju 10,000 mìlímítà lọ, ìyẹn sì ju ìlọ́po márùn-ún èyí tó ń rọ̀ ní Èkó lọ. Atẹ́gùn tó ru ọ̀rinrin wá láti orí òkun ló ń kọ lu òkè náà; bó bá ti ń gun òkè ló ń tutù, bó bá sì ti tutù tán, kò lè gbé ẹrù rẹ̀ mọ́, ló bá dà á sílẹ̀. Ṣùgbọ́n bí a bá ti ń gòkè sí i ni òjò ń dín kù, èyí tó bá sì rọ̀ kì í dúró. Òkè ayọnáyèéfín ni Fako, ó sì tún yọ iná lọ́dún 1999 àti 2000. Ti ọdún 1999 ni òkúta yíyọ́ ṣàn wálẹ̀ títí ó fi bo títì nítòsí Bakingili, díẹ̀ ló sì kù kó wọ òkun. Nígbà tí irú òkúta bẹ́ẹ̀ bá tutù, ihò ni gbogbo ara rẹ̀. Mo mú ọ̀kan lọ́wọ́, ó fúyẹ́ ju bí mo ṣe rò lọ, mo rọ omi díẹ̀ lé e lórí, ó sì fà á mu pátápátá kí n tó ka ẹní, èjì, ẹ̀ta.

Ìdí nìyẹn tí afinimọ̀nà wa fi ka ìgò omi wa lọ́kọ̀ọ̀kan kí a tó kúrò ní Buea. Ìlú yìí ga tó bí 1,000 mítà, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ ti ń bẹ̀rẹ̀. A kọ́kọ́ gba inú igbó kìjikìji kọjá, níbi tí ewé ti ń kán sí wa lọ́rùn, tí ilẹ̀ sì ń yọ̀. Lẹ́yìn ahéré kìíní, tó wà ní bíi 1,850 mítà, igbó náà dópin lójijì, àfi bí ẹni ṣí ilẹ̀kùn: igi tán, koríko bẹ̀rẹ̀, ọ̀nà sì dìde gàgà síwájú wa.

Apá ibí yìí ló mú mi jù. Ọ̀nà náà kò yí ká, kò sì ṣe kọ́rọkọ̀rọ. Òkè náà ló dojú kọ ní tààrà, òkúta kéékèèké sì ń yọ̀ lábẹ́ bàtà, débi pé bí mo bá gbé ìṣísẹ̀ mẹ́ta, mo máa ń pàdánù ọ̀kan. Gbogbo ẹni tó ń bọ̀ wálẹ̀ ló ń kí wa pé "ashia". Ọ̀rọ̀ yìí dà bí ìgbà tí a bá so "ẹ kú iṣẹ́" àti "ẹ pẹ̀lẹ́" pọ̀, kò sì sí ìgbà tí mo gbọ́ ọ tí kò fún mi lókun. Mo tún rántí àwọn tó ń sá eré ìje lórí òkè yìí nínú oṣù Kejì, tí wọ́n ń gùn ún, tí wọ́n sì ń padà wálẹ̀ lọ́jọ́ kan náà. Sarah Etonge, ẹni tí wọ́n ń pè ní Ọbabìnrin Òkè, ti borí nínú rẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà. Mo fi ọ̀wọ̀ ńlá fún obìnrin náà.

A sùn ní ahéré kejì, ní bíi 2,850 mítà, nínú òtútù tí aṣọ mẹ́ta kò ràn, a sì tún gbéra kí ilẹ̀ tó mọ́. Nítòsí ṣóńṣó, èémí tí a ń fà kò ju bí ìdá mẹ́ta nínú márùn-ún ti etí òkun lọ. Orí bẹ̀rẹ̀ sí í fọ́ mi, afinimọ̀nà sì ní kí n jókòó, kí n mu omi díẹ̀díẹ̀. Àwọn ará rẹ̀, ìyẹn àwọn Bakweri, gbà pé Efasa Moto ló ni òkè náà, ẹni tí ìdajì ara rẹ̀ jẹ́ èèyàn, tí ìdajì yòókù sì jẹ́ òkúta. Ohùn jẹ́jẹ́ ló fi sọ ọ́ fún mi.

Lórí Fako, ọyẹ́ ti bo òkun mọ́lẹ̀, n kò rí erékùṣù Bioko tí wọ́n ní a máa ń rí níbẹ̀. Atẹ́gùn nìkan ló wà, àti òkúta dúdú, a kò sì pẹ́ kí a tó yí padà. Ìsọ̀kalẹ̀ náà fọ́ mi lórúnkún. Nígbà tí a padà dé Buea, omi tó kù nínú ìgò mi kò ju ìwọ̀n ìka méjì lọ. Obìnrin kan ń pọn omi lẹ́nu ẹ̀rọ lẹ́bàá títì, ó wo bàtà mi, ó ní "ashia", ó sì sún garawa rẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí n lè kọ́kọ́ mu.