Ìyàrá bàbá

Ọjọ́rú. Iná ò wá láti àárọ̀. Mo fi bátìrì tó kù nínú kọ̀ǹpútà kọ ojú ewé mẹ́rin nínú eré fíìmù tí mò ń kọ lọ́wọ́, mo pa mẹ́ta rẹ́. Ẹni tó ni iṣẹ́ náà ò tíì sanwó.

Kì í ṣe ìyẹn ló gbà mí lọ́kàn. Mo ń fọ abọ́ lálẹ́ àná nígbà tí Màmá ń bá àǹtí mi sọ̀rọ̀ lórí fóònù. Wọ́n ti wo eré mi kan tán. Wọ́n rò pé mi ò gbọ́. Wọ́n ní, "Ìyàrá bàbá rẹ̀ ló ṣáà ń kọ."

Ìyàrá bàbá rẹ̀.

Rárá o. Iṣẹ́ ni mo kọ́. Ẹni tó bá fẹ́ kí àyà òǹwòran máa já, á há àwọn èèyàn mọ́ ibi tóóró kan, á fi ilẹ̀kùn kan ṣoṣo sílẹ̀ fún wọn. Ilé kan ṣoṣo sì máa ń dín ìnáwó kù. Kí ló kan bàbá mi níbẹ̀? Ẹ wo fíìmù The Figurine tí Kemi Adesoye kọ lórí ère òrìṣà kan, tó jáde lọ́dún 2009: ọdún méje oríire, ọdún méje òfò, títí eré fi parí èèyàn ò lè fọwọ́ sọ̀yà pé òrìṣà ló fà á àbí ọwọ́ ọmọ aráyé. Bí mo ṣe fẹ́ mọ̀ ọ́n kọ gan-an nìyẹn. Inú igbó ni wàhálà tiwọn sì ti bẹ̀rẹ̀, kì í ṣe inú ìyàrá.

Mo ṣáà ṣí àwọn iṣẹ́ mi àtijọ́ wò. Eré mẹ́fà. Nínú mẹ́rin, kọ́tìnì aláwọ̀ ewé wà lẹ́nu ọ̀nà, ẹnì kan ń wúkọ́ lẹ́yìn rẹ̀. Mi ò rántí pé mo kọ àwọ̀ sí i. Nínú ọ̀kan, mo kọ òórùn Robb. Kámẹ́rà ò lè ya òórùn, mo mọ̀, síbẹ̀ mo kọ ọ́…

Hitchcock, olùdarí fíìmù tí wọ́n mọ̀ mọ eré ajáni-láyà, sọ fún Truffaut, olùdarí fíìmù bíi tirẹ̀, lọ́dún 1962 pé bí bọ́ǹbù bá ṣàdédé bú lábẹ́ tábìlì, ìjayà ìṣẹ́jú àáyá 15 ni. Ṣùgbọ́n tí òǹwòran bá ti mọ̀ pé ó wà níbẹ̀, tí àwọn tó jókòó ò mọ̀, ìṣẹ́jú 15 ni ọkàn rẹ̀ ò fi ní balẹ̀. Ó pẹ́ tí mo ti ń fi ìyẹn kọ́ àwọn ọmọ iṣẹ́. Òní ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ro ti àwọn tó jókòó.

Àwa ọmọ la jókòó. À ń jẹ ẹ̀bà lẹ́nu kọ́tìnì yẹn, à ń jà sí ẹran, Màmá ń bu omi sí ife wa, wọ́n ní ká rọra, bàbá ń sùn. Wọ́n ti mọ ohun tí dókítà sọ. Gbogbo ọdún yẹn, àwọn nìkan ni wọ́n mọ̀.

Inú ń bí mi sí wọn. Àbí ìbínú kọ́ ni. Ta ni wọ́n rí sọ ọ́ fún?

Mo yí kọ́tìnì ìran 34 sí pupa. Mo tún dá a padà.

Wọ́n ń pè mí wá jẹun. Ẹ̀ẹ̀kejì nìyí. Ẹ̀bà ni.