Alukoro olórin tó tún ń jáde ìwọ́de: ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ ní Ṣágámù

Ẹni tó bá fẹ́ ṣe alukoro fún olórin, tó sì tún fẹ́ máa jà fún ẹ̀tọ́ ará ìlú, kó sọ ọ́ síta kí wọ́n tó tọwọ́ bọ ìwé. Èmi kì í fi bò. "Ẹ̀gbọ́n, bí ìwọ́de bá ṣẹlẹ̀, mà á jáde o. Mi ò ní fi orúkọ yín jà, ẹ̀yin náà ẹ má ní kí n jókòó sílé." Àwọn kan á ní kí n máa lọ. Kò burú, ó sàn kí a ti ibẹ̀ pínyà ju kí ìjà ti gbóná tán.

Oṣù Kejì ọdún 2020 ni ọ̀rọ̀ yìí yé mi dáadáa. Tiyamiyu Kazeem, agbábọ́ọ̀lù Remo Stars, kú lẹ́yìn tí àwọn ọlọ́pàá SARS mú un, Ṣágámù sì gbiná. Ọ̀rọ̀ aṣínà Instagram olórin tí mò ń bá ṣiṣẹ́ wà lọ́wọ́ mi. Èrò tó ń tẹ̀lé wọn kì í ṣe ẹgbẹ́ tèmi rárá. Àwọn tí a jọ wà níta ń pariwo pé kí n gbé ọ̀rọ̀ Kazeem sójú òpó olórin náà. Mo kọ̀. Tèmi ni mo lò, mo wá pe ẹ̀gbọ́n olórin náà, mo bi wọ́n bóyá wọ́n ní ohun tí wọ́n fẹ́ sọ. Nígbà tó di alẹ́, wọ́n fi ẹnu ara wọn ṣe fídíò kékeré kan, Rẹ́mọ pọ́ńbélé ni wọ́n sọ. Ká ní èmi ni mo kọ ọ́, kò ní rí bẹ́ẹ̀: òórùn alukoro kì í kúrò lára ohun tí alukoro bá kọ, àwọn olólùfẹ́ olórin sì mọ̀ ọ́n.

Owó ìdìbò ló le jù. Nígbà tí ìpolongo ìbò bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2022, fóònù ò jẹ́ n sùn. Ní Rẹ́mọ ńbí, níbi tí wọ́n ti bí Awólọ́wọ̀, ilé wo ni kò ní ẹgbẹ́ tirẹ̀? Ẹni tó ń pè nítorí òde òṣèlú lè jẹ́ àna ẹni, tàbí ẹni tí ẹ jọ lọ ilé kéú. Máníjà ni mo máa ń ní kó bá wọn dúnàá dúrà. Mi ò gba kọ́bọ̀ níbẹ̀, torí mo lè wọ́de ta ko ẹgbẹ́ yẹn kan náà lọ́la. Ẹ jẹ́ kó wà nínú ìwé pé orin lẹ gbà láti kọ: kò sí fìlà ẹgbẹ́, kò sí fọ́tò olùdíje lójú òpó olórin. Bí wọ́n bá ní kẹ́ ẹ yọ gbólóhùn yẹn, a jẹ́ pé owó tí wọ́n fẹ́ san kéré nìyẹn.

Ní ti ìpolówó fúnra rẹ̀, Ojúde Ọba, àjọ̀dún Ìjẹ̀bú-Òde, ti ọdún 2024 kọ́ gbogbo wa. Farooq Oreagba gun ẹṣin wọlé, àwòrán rẹ̀ gba ìgboro. Ohun tó mú kí àwọn èèyàn dúró ti àwòrán náà ni ìtàn tó tẹ̀lé e, pé láti ọdún 2014 ni jẹjẹrẹ inú ẹ̀jẹ̀ ti ń bá a fínra. Ẹ ní ìtàn òótọ́ nílẹ̀ kí ọjọ́ tó pé. Ẹ má sì ti olórin yín síwájú àwọn régbérégbé tàbí ẹlẹ́ṣin o. Ọjọ́ tiwọn ni, àwọn Ìjẹ̀bú kì í sì í gbàgbé.

Fóònù méjì lẹ máa lò. Èyí tí orin tí kò tíì jáde àti ìwé àdéhùn wà nínú rẹ̀ kò gbọdọ̀ dé ibi ìwọ́de, torí bí ọlọ́pàá bá gbà á, ọ̀rọ̀ olórin ti di ọ̀rọ̀ àgọ́ nìyẹn. Ọwọ́ ìyàwó mi ni tèmi máa ń wà. Ó mọ sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ tí yóò dá lóhùn, ó sì mọ èyí tí yóò sọ fún pé mo lọ òde ìnáwó.